Sùtánà Bàbá Jethro

Nígbà tí Moráyọ̀ kọ́kọ́ fojú kan Obed, ńṣe ni Obed kúnlẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà gbọ̀ngàn kan ní Woolwich, tó ń ki ẹsẹ̀ bàbá arúgbó kan bọ bàtà. Sùtánà funfun ló wà lọ́rùn bàbá náà, mẹ́dàlì ogun sì wà láyà rẹ̀.

Ọdún 2015 ni. Wọ́n ń ṣèrántí àwọn ọmọ ogun òfuurufú tí kò jẹ́ kí Jámánì gba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Bàbá Jethro, bàbá àgbà Obed, wà lára wọn. Èkó ló ti wá nígbà èwe rẹ̀, tó ń tún ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ òfuurufú ṣe bí bọ́ǹbù ṣe ń bọ́. Síbẹ̀, steward tó ń darí èrò wọlé ní kó bọ́ aṣọ yẹn, kó sì wọ bàtà, bẹ́ẹ̀ Aládùúrà kì í wọ bàtà sí sùtánà. Ẹ wo ìwà àìmoore. Ẹni tó gbèjà wọn, wọn ò lè gba aṣọ àdúrà rẹ̀ mọ́ra.

Moráyọ̀, tó ń ṣiṣẹ́ ìtọ́jú arúgbó, ló ti arúgbó mìíràn wá lórí kẹ̀kẹ́ arọ. Obed gan-an ló bí i nínú jù.

"Bọ̀dá, ẹ̀yin náà lẹ̀ ń wọ bàtà fún wọn?"

"Mi ò fẹ́ wàhálà ni."

"Wàhálà wo ló tún kù? Grandpa yín ja ogun, ẹ̀yin ò lè ja ti steward."

Ọ̀rọ̀ náà dun Obed dé egungun. Bàbá ti yọ bàtà, ó ní àwọn ń lọ sílé. Kí wọ́n tó lọ, Obed sáré padà wá tọrọ nọ́ńbà Moráyọ̀.

"Kí lẹ fẹ́ fi ṣe?"

"Kẹ́ ẹ lè máa bá mi wí."

Ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu Moráyọ̀ láìròtẹ́lẹ̀.

Ìbáwí di ìfẹ́. Birchmere Park, lẹ́bàá adágún, ni wọ́n ti máa ń pàdé bí Obed, tó ń wa bọ́ọ̀sì èrò, bá ti parí iṣẹ́.

"Ọ̀gá dẹ́rẹ́bà, o tún pẹ́."

"Adùnbárìn mi, má bínú."

Ṣùgbọ́n Pásítọ̀ Amos, bàbá Moráyọ̀, kórìíra àwọn aláṣọ funfun. Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí kó tó gbà kí ìdílé Obed wá tọrọ ìyàwó. Lọ́jọ́ náà, ó rí Bàbá Jethro nínú sùtánà lẹ́nu ọ̀nà ilé rẹ̀ ní Thamesmead North, ó sì dí ilẹ̀kùn.

"Obed, Grandpa ò lè wọ eléyìí wọlé mi. Kí wọ́n lọ pààrọ̀ aṣọ, àbí kí ọ̀rọ̀ ìyàwó parí síbí."

Obed di ọwọ́ bàbá àgbà rẹ̀ mú.

"Daddy, ẹ má bínú sà. Mo ti gbà fún ẹni tó ní kí wọ́n bọ́ aṣọ yìí lẹ́ẹ̀kan, ojú ṣì ń tì mí. Mo love Moráyọ̀ gan-an, but Grandpa ò ní pààrọ̀ ẹ̀."

Ó yíjú padà kí wọ́n máa lọ, omi lé ròrò sí i lójú. Moráyọ̀ gba ẹ̀gbẹ́ bàbá rẹ̀ jáde.

"Daddy, báyìí náà ni wọ́n ṣe lé Grandpa ní Woolwich. Àwọn yẹn ò mọ àgbà. Ẹ̀yin ńkọ́? Tí wọ́n bá lọ, mò ń tẹ̀lé wọn."

Pásítọ̀ Amos wo arúgbó náà, ó wo ọmọ rẹ̀, ìtìjú bò ó. Ìdílé ọkọ ló máa ń dọ̀bálẹ̀ fún ìdílé ìyàwó lọ́jọ́ ìtọrọ. Lọ́jọ́ yẹn, bàbá ìyàwó ló kọ́kọ́ dọ̀bálẹ̀, tòun ti kóòtù rẹ̀.

Bàbá Jethro na ọwọ́ sí i.

"Ẹ dìde, àna mi."