Ìgò Tí Sabina Kò Dán Wò

Imú rẹ̀ ni Àkànbí kọ́kọ́ rí. Ọmọbìnrin kan dúró síwájú àtẹ lọ́fínńdà rẹ̀ ní Onípànù, ó di ojú méjèèjì, ó ń gbóòórùn ìgò kan tẹ̀ lé òmíràn, kò sì ra ọ̀kankan.

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣẹ́ òórùn kù fún ẹni tó máa rà á."

Sabina rẹ́rìn-ín. Ó ní àbẹ́là ìjọ lòun àti ìyá òun ń ṣe ní Bàrígà, òun sì fẹ́ kó máa ta sánsán. Kíá ni Àkànbí gba ìgò náà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Sípíríìtì ló wà nínú èyí. Tẹ́ ẹ bá dà á sínú ìda gbígbóná, iná á gbà á. Ẹ mú ọwọ́ wá."

Ó kán an sí ọrùn ọwọ́ rẹ̀: ó tutù, ó sì gbẹ. Ó kán òróró olóòórùn: ìyẹn ò gbẹ. "Irú èyí ni kẹ́ ẹ máa rà." Ó pẹ́ kó tó fi ọwọ́ náà sílẹ̀. Sabina náà kò fà á.

Láti ọjọ́ yẹn, ọ̀sọ̀ọ̀sẹ̀ ni òróró ń tán ní Bàrígà. Ṣùgbọ́n Lazarus, bàbá Sabina, apẹja ará Ìlàjẹ, kò fẹ́ àna Mùsùlùmí bí Àkànbí. Nígbà tí ẹkún ọmọ rẹ̀ sú u, ó ní: "Kó gbé òróró àbẹ́là ìkórè wá. Bí ìkórè bá dùn, kó mú àwọn èèyàn rẹ̀ wá."

Ìkórè ku ọ̀la, òróró Àkànbí kò kún ìgò. Ojú tì í láti gbé àbọ̀ ìgò lọ bá àna. Ó fi lọ́fínńdà kún un. Ó ní díẹ̀ kò lè ṣe nǹkan kan. Òmùgọ̀!

Sabina dà á sínú ìkòkò orí iná. Iná bú sókè, ó jó apá òsì rẹ̀ dé ìgúnpá.

Gbogbo ìjọ ní àìṣọ́ra Sabina ni. Àkànbí ì bá dákẹ́, ṣùgbọ́n ó lọ dọ̀bálẹ̀ fún Lazarus, ó jẹ́wọ́. Wọ́n lé e jáde.

Lẹ́yìn oṣù mẹ́jọ, Lazarus ránṣẹ́ pè é. Kì í ṣe pé ó dárí jì í. "Ta ló tún máa fẹ́ ọwọ́ báyìí?" ló wí, Sabina sì ń gbọ́.

Nígbà tó ku àwọn méjèèjì, Àkànbí bi í pé: "Olólùfẹ́ mi, kí ló dé tí o kò kán an sọ́wọ́ lọ́jọ́ yẹn?"

"Torí pé ìwọ lo gbé e wá."

Àkànbí sunkún.

"Màá fẹ́ ọ," ni Sabina wí. "Kì í ṣe torí ohun tí bàbá mi sọ. O lè dákẹ́, o kò dákẹ́. Mo ṣì nífẹ̀ẹ́ rẹ, ó sì ń dùn mí."

Wọ́n ṣègbéyàwó ní Ṣómólú. Ṣùgbọ́n títí dòní, ìgò yòówù kí ọkọ rẹ̀ gbé wọlé, Sabina a dúpẹ́, a kán an sí ọrùn ọwọ́ ọ̀tún, a sì máa wò ó bóyá ó máa gbẹ. Àkànbí náà a dúró tì í, a máa bá a wò ó.