Ẹnu Oreste Nínú Sinimá

Orí ẹṣin ni mo ti kọ́kọ́ rí Oreste Gallino, kí ẹṣin náà tó dà á sílẹ̀. Ṣòkòtò rẹ̀ fàya. Èmi Ersilia ni mò ń rán aṣọ àwọn òṣèré níbi tí wọ́n ti ń ya sinimá ní ìlú Torino ní Ítálì, ni wọ́n bá ní kí n bá a rán an.

"Ẹ rọra o, ẹ má fi abẹ́rẹ́ gún mi."

"Ẹni tí ẹṣin dà nù ló ń sá fún abẹ́rẹ́?"

Ó rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín yẹn ló kó bá mi.

Nígbà tó ní òun fẹ́ fẹ́ mi, ìyá mi kọ̀ jálẹ̀. Ibà ti di màmá létí láti ìgbà ọmọge. Ètè èèyàn ló ń wò tó fi ń mọ ohun tí wọ́n ń sọ. "Òṣèré ò ṣeé fi ṣe ọkọ," ó ní. Àmọ́ gbogbo ọjọ́ Ìsinmi ni Oreste ń wá bá wa jẹ polenta, oúnjẹ àgbàdo tí a máa ń rò, á kọjú sí màmá, á rọra máa sọ̀rọ̀. Nígbà tí wọ́n fi í ṣe olú òṣèré, màmá gbà. A dá ọjọ́ ìgbéyàwó.

"Mo fẹ́ rí iṣẹ́ àna mi," màmá ní. Èmi ni mo mú un lọ sí ilé sinimá.

Sinimá ìgbà náà ò ní ohùn. Ohun tó bá wu òṣèré ló ń sọ níwájú kámẹ́rà. Ẹlòmíì á máa sunkún, ọ̀rọ̀ ọbẹ̀ ni yóò máa sọ. Nínú sinimá náà, Oreste kúnlẹ̀ fún Delfina, òṣèré obìnrin tí wọ́n jọ ń ṣeré, gbogbo èèyàn ń nu ojú. Inú mi dùn débi pé mò ń sunkún.

"Dìde, ká máa lọ," màmá ní.

"Kò tíì parí, màmá."

"Ó ti parí. Ó ní, 'Delfina mi, ṣe sùúrù. Mi ò ní fẹ́ ọmọ adití yẹn.'"

Adití kì í mọ bí ohùn òun ṣe ròkè tó. Gbogbo èèyàn wẹ̀yìn wò wá.

Lọ́jọ́ kejì mo bi Oreste.

"Eré lásán ni, olólùfẹ́ mi."

"Ṣé adití wà nínú eré yẹn?"

Mo bọ́ òrùka àdéhùn wa fún un. Ó dùn mí wọ egungun.

Oreste di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká. Ṣùgbọ́n láti ìgbà náà, tó bá ti kan ọ̀rọ̀ ìfẹ́, á kẹ̀yìn sí kámẹ́rà. Ìwé ìròyìn ń yìn ín pé kò sẹ́ni tó lè fi ẹ̀yìn sọ̀rọ̀ ìfẹ́ bíi tirẹ̀.

Màmá ò pa ọ̀kankan jẹ nínú sinimá rẹ̀. Tó bá dé, á tú gèlè rẹ̀, á jókòó tì mí.

"Kò sọ nǹkan kan lónìí náà."