Ìwé Iná Pupa Tí Festus Kò Gbé Lọ sí Kóòtù

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan ni, ní oṣù kẹta ọdún 1992. Festus Akínbọ́lá jí, ó kúnlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ó fi ìdílé rẹ̀ lé Ọlọ́run lọ́wọ́, ó sì dìde láti wá bàtà rẹ̀. Yàrá méjì tí wọ́n háyà ní Ẹgbẹ́dá kò gba èèyàn márùn-ún dáadáa. Kí bàbá tó dé ìdí ilẹ̀kùn, ó ti fo ẹsẹ̀ ọmọ méjì kọjá lórí ẹní. Susanna ìyàwó rẹ̀ ti lọ ṣẹ́ẹ̀tì funfun sílẹ̀ dè é.

Obìnrin náà kúnlẹ̀ kí i. "Àkànní, adúró-gangan-bí-òpó-ilé. Àkànní tó fi ọdún mẹ́tàlá wa ọkọ̀ tí kò fọ́ gíláàsì ẹnikẹ́ni. Ẹ ó lọ ire, ẹ ó bọ̀ ire."

"Àmín, Ìyá Rẹ̀mí. Ìwé lásán ni mo fẹ́ lọ gbà o, o wá ń kì mí bíi pé ogun ni mò ń lọ."

"Ogun ni gbogbo ọ́fíìsì ìjọba jàre."

Wọ́n jọ rẹ́rìn-ín. Festus ni dírẹ́bà tó ń kó àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ bàtà rọ́bà kan ní Ìkẹjà lọ tó sì ń kó wọn bọ̀. Mánijà tuntun ṣẹ̀ṣẹ̀ dé síbẹ̀, ó sì ti kéde pé dírẹ́bà tí láísẹ́ǹsì rẹ̀ bá ti kú gbọ́dọ̀ mú tuntun wá kó tó di ọjọ́ Ẹtì, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, kó dá kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ padà. Láísẹ́ǹsì Festus ti kú láti oṣù tó kọjá. Ìwé pélébé yìí ni oúnjẹ ilé náà, òun náà ni owó ilé-ìwé àwọn ọmọ. Susanna ń ránṣọ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ rẹ̀ ti bàjẹ́ láti ọjọ́ Kérésì.

Báyọ̀dé, àbúrò Susanna, tó ń wa ọkọ̀ búrẹ́dì fún ilé búrẹ́dì kan ní Ìgàndó, ló sin Festus lọ sí ọ́fíìsì láísẹ́ǹsì. Ìlà kò gùn. Obìnrin tó jókòó sídìí kántà gba láísẹ́ǹsì àtijọ́, ó wo nọ́ńbà ara rẹ̀, ó ṣí ìwé ńlá kan, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìka wá a láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ìka náà dúró.

"Ẹ̀yin ni Festus Akínbọ́lá, ti Ẹgbẹ́dá?"

"Èmi ni, mà."

Obìnrin náà wo ẹ̀yìn Festus, ó mi orí sí ọlọ́pàá tó dúró lẹ́nu ọ̀nà. "Ẹ jókòó díẹ̀, bàbá. Kóòtù ń wá yín."

"Kóòtù wo?"

"Ọ̀rọ̀ iná pupa, ti ọdún 1989."

Festus rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín ẹni tí ọkàn rẹ̀ balẹ̀. "Háà, mà. Ọ̀rọ̀ yẹn ti kú."

"Ta ló pa á?"

Festus bojú wẹ̀yìn. Ọlọ́pàá ti dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ náà kò le rárá nígbà tó bẹ̀rẹ̀. Ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan ni, Festus ti já àwọn òṣìṣẹ́ sílẹ̀ tán, bọ́ọ̀sì ṣófo, ebi sì ń pa á. Ó dé oríta kan, iná pupa tàn. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, kò rí ọkọ̀, ó kọjá. Ọlọ́pàá kan yọ láti ẹ̀yìn igi, ó dá a dúró, ó kọ nọ́ńbà láísẹ́ǹsì rẹ̀ sílẹ̀, ó sì já ìwé kan fún un. Orúkọ kóòtù wà lára rẹ̀, ọjọ́ tí yóò dé ibẹ̀ náà wà lára rẹ̀. Festus kò bá a jiyàn. Ó mọ̀ pé òun jẹ̀bi.

Ó gbé ìwé náà lọ sí ìjọ wọn, lẹ́bàá ọ̀nà Ìdímù. Pásítọ̀ gbé ọwọ́ lé e, ó ní, "Olúwa, fún ọmọ rẹ ní ojúrere níwájú adájọ́." Àdúrà tó dára ni. Ṣùgbọ́n kí èèyàn tó lè rí ojúrere níwájú adájọ́, ó yẹ kó kọ́kọ́ dé iwájú adájọ́ ná. Ohun tí Festus gbọ́ yàtọ̀: ó gbà pé àdúrà náà ti parí ẹjọ́. Ó fi ìwé náà sínú Bíbélì, ó gbààwẹ̀ ọjọ́ mẹ́ta, inú ààwẹ̀ náà sì ni ọjọ́ kóòtù bá a, tó sì kọjá.

Oṣù kan lọ, ẹnikẹ́ni kò wá. Oṣù mẹ́rin lọ. Ní ọjọ́ ìsinmi ìdúpẹ́, nígbà tí wọ́n ní kí ẹni tó ní ẹ̀rí jáde, Festus jáde. Ó ní Ọlọ́run ti pa orúkọ òun rẹ́ kúrò nínú ìwé kóòtù. Ìjọ hó yè. Wọ́n jó yí i ká, obìnrin kan sì tú gèlè rẹ̀, ó tẹ́ ẹ sílẹ̀ kó fi ẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́. Láti ọjọ́ náà, ìwé iná pupa di ohun tí ẹnu kò gbọdọ̀ kàn mọ́ nínú ilé wọn.

Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ìwé ìpè kejì dé sí ilé-iṣẹ́ nínú àpòòwé aláwọ̀ ilẹ̀. Festus kà á nínú bọ́ọ̀sì, òun nìkan, ó sì pẹ́ kó tó tan iná sí ọkọ̀. Ó mú un délé. Susanna kà á.

"Bàbá Rẹ̀mí, ẹ jẹ́ ká lọ. Wọn ò ní pa yín. Owó díẹ̀ ni wọ́n máa gbà."

"Kí n lọ san ìtanràn lórí ohun tí mo ti jẹ́rìí sí? Ojú wo ni mo fẹ́ fi wọ inú ìjọ? Ṣé kí n sọ fún wọn pé Ọlọ́run purọ́ ni?"

"Ọlọ́run kọ́ ló sọ pé òun pa á rẹ́. Ẹ̀yin lẹ sọ ọ́."

Inú bí Festus. Ó ya ìwé náà sí wẹ́wẹ́, kò sì bá ìyàwó rẹ̀ sọ̀rọ̀ títí di ọjọ́ kejì. Susanna náà kò sọ ọ́ mọ́. Ó sọ fún èmi tí mò ń kọ ìtàn yìí lẹ́yìn náà pé dídákẹ́ òun ni òun kò tíì dárí rẹ̀ ji ara òun.

Ọjọ́ mẹ́ta ni Festus lò ní àtìmọ́lé. Ní àárọ̀ ọjọ́ Ẹtì, Susanna àti Báyọ̀dé dé kóòtù kí wọ́n tó ṣílẹ̀kùn. Àwọn ọkùnrin kan ti wà lẹ́nu géètì tí wọ́n ń sọ pé àwọn lè bá wọn pa fáìlì. Ọwọ́ Susanna ti ń lọ sídìí ìró níbi tó so owó mọ́, nígbà tí bàbá arúgbó kan tó dé fìlà hàjì pè é wọlé. Ràímì ni orúkọ rẹ̀, akọ̀wé kóòtù ni.

"Má fún àwọn yẹn ní kọ́bọ̀," ó wí. "Wọ́n á gba owó rẹ, fáìlì á sì wà níbi tó wà. Ta lo wá wò?"

Susanna ṣàlàyé. Bàbá náà wá fáìlì náà jáde, ó nu eruku ara rẹ̀.

"Bàbá, ọdún mẹ́ta mà ti kọjá lórí ẹ̀. Mo rò pé ẹ ti gbàgbé ni," Báyọ̀dé wí.

"Ta ni yóò gbàgbé? Inú ìwé ló wà, kì í ṣe inú orí mi." Ó fi ìka tọ́ka sí ojú ewé kan. "Wò ó, ìyá. Ká ní ọkọ rẹ wá lọ́jọ́ tí wọ́n kọ fún un, á dúró níwájú adájọ́, á ní lóòótọ́ ni, á san ìtanràn, á gba rìsíìtì, á sì délé kí oòrùn tó mú. Ká ní ó ṣàìsàn ni, kó rán ẹnì kan wá pẹ̀lú lẹ́tà ṣáájú ọjọ́ náà, à bá fún un ní ọjọ́ mìíràn. Ká tiẹ̀ ní ọlọ́pàá purọ́ mọ́ ọn, ibí náà ni ì bá ti sọ ọ́. Kò ṣe ọ̀kankan. Adájọ́ bá fọwọ́ sí wáráǹtì pé kí wọ́n mú un wá. Wáráǹtì yẹn, ọlọ́pàá kankan kò lè ya á, pásítọ̀ kò lè ya á, àlùfáà tèmi náà kò lè ya á. Inú yàrá tí wọ́n ti kọ ọ́ ni wọ́n ti lè pa á rẹ́."

"Tó bá jẹ́ pé ó fẹsẹ̀ ara rẹ̀ wá lẹ́yìn tí ọjọ́ ti kọjá ńkọ́?" Báyọ̀dé béèrè.

"Ì bá dára gan-an. Àní ká ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá ló wá, tó sì tọrọ àforíjì. Ojú tí adájọ́ fi ń wo ẹni tó fúnra rẹ̀ wá kọ́ ló fi ń wo ẹni tí wọ́n fi ṣẹ́kẹ́ṣẹkẹ̀ mú wá."

Susanna fi igun ìró nu ojú. Báyọ̀dé, tí kì í pẹ́ dá àpárá, ń wo ilẹ̀.

Nígbà tí Ràímì pe orúkọ Festus síwájú adájọ́, ṣẹ́ẹ̀tì funfun ọjọ́ Ìṣẹ́gun ló ṣì wà lọ́rùn rẹ̀, ó ti dọ̀tí.

"Ìwé ìpè àkọ́kọ́ dé ọwọ́ rẹ?" adájọ́ béèrè.

"Ó dé, sà."

"Ìkejì ńkọ́?"

"Ó dé, sà."

"Kí ló dé tí o kò wá?"

"Mo gbàdúrà sí i, sà."

Ẹnì kan rẹ́rìn-ín lẹ́yìn. Adájọ́ kò rẹ́rìn-ín. "Èmi náà gbàdúrà láàárọ̀ yìí. Nígbà tí mo ṣe àmín, mo wá síbi iṣẹ́."

Ìtanràn iná pupa kò ju èyí tí ì bá san ní 1989 lọ. Ṣùgbọ́n nítorí ìwé ìpè méjì tó fọwọ́ rọ́ sẹ́yìn, adájọ́ rán an ní ẹ̀wọ̀n oṣù kan, ó sì ní kò gbọdọ̀ wa ọkọ̀ fún ọdún méjì. Susanna jókòó sórí ilẹ̀ẹ́lẹ̀ kóòtù, wọn kò sì rí i gbé dìde fún ìgbà díẹ̀.

Àwọn ọlọ́pàá jẹ́ kí Susanna àti Báyọ̀dé rí i ní ẹ̀yìn kóòtù kí ọkọ̀ ẹlẹ́wọ̀n tó dé.

"O dé ilé-iṣẹ́?" Festus béèrè lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀.

"Mo dé ibẹ̀ lánàá. Mánijà ní òun káàánú wa. Wọ́n ti fún ẹlòmíràn ní kọ́kọ́rọ́."

Festus mi orí. "Ta ni wọ́n fún?"

"Mi ò béèrè."

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka ìtàn yìí, mi ò ní ká má gbàdúrà. Àdúrà ni mo fi ń jí, òun ni mo sì fi ń sùn. Ṣùgbọ́n bí ìwé ìpè bá wà nínú ilé yín, ẹ yọ ọ́ síta lónìí, ẹ ka ọjọ́ àti orúkọ kóòtù tó wà lára rẹ̀, kí ẹ sì gbé e lọ fúnra yín. Bí ọjọ́ bá ti kọjá, ẹ lọ náà. Ẹ san ohun tó tọ́, kí ẹ tọ́jú rìsíìtì. Bí iná pupa bá sì tàn, ẹ dúró, ọkọ̀ ì báà wà níwájú, kó má sì sí. Oṣù kan tí Festus lò, kò sí ẹni tó lè dá a padà fún un. Ọmọ rẹ̀ àgbà ti kúrò nílé-ìwé báyìí.

Ní ẹ̀yìn kóòtù lọ́jọ́ náà, Báyọ̀dé sún mọ́ Festus. Ó wo ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, ó wo ilẹ̀.

"Bùrọ̀dá, èmi náà ní ọ̀kan."

"Ọ̀kan kí ni?"

"Ìwé kóòtù. Wọ́n mú mi pẹ̀lú ọkọ̀ búrẹ́dì, oṣù keje rèé. Ọjọ́ tí wọ́n dá fún mi ti kọjá. Mo rò pé tó bá pẹ́ díẹ̀, wọ́n á gbàgbé."

Susanna káwọ́ lé orí.

"Kóòtù wo?" Festus béèrè.

"Ibí yìí náà ni."

"Níbo ni ìwé náà wà?"

"Abẹ́ mátírẹ́ẹ̀sì mi."

Ọkọ̀ ẹlẹ́wọ̀n ti ń fi ẹ̀yìn wọlé. Ọlọ́pàá di Festus ní apá mú, ó ní àsìkò ti tó. Festus yí ojú padà sí àna rẹ̀.

"Báyọ̀dé, jọ̀ọ́, lọ mú un wá nísinsìnyí. Bàbá akọ̀wé tó dé fìlà hàjì, tó pe orúkọ mi, ṣì wà lórí ìjókòó. Fi lé e lọ́wọ́ kí wọ́n tó ti ilẹ̀kùn."