Ẹnu Tó Sọ Ọmọ Lórúkọ

“Olúṣèyí! Olúṣèyí! Má jẹ̀ẹ́ kó bá ẹ o! Ọmọ Òkè-Ìmọ́lẹ̀, fò!”

Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo pápá ń ké. Olúṣèyí Àbọ̀dé tí wọ́n ń pè sì rèé lórí bẹ́ẹ̀dì nínú ilé ìbùsùn àwọn ọkùnrin, tó fi aṣọ ìbora bo orí, tó kọjú sí ògiri. Oòrùn ọ̀sán ń mú, òógùn ń dà lára rẹ̀ wìì, síbẹ̀ kò ṣí aṣọ. Wọ́n ti kìlọ̀ fún un pé àlejò kankan kò gbọdọ̀ rí i títí eré yóò fi parí. Ó gbọ́ tí ariwo náà ń ga sí i. Ó gbọ́ tí wọ́n bú sáyọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, tí wọ́n ń lu agolo, tí wọ́n ń fi orúkọ rẹ̀ kọrin. Ìgbà náà ló mọ̀ pé òun ti gba ipò kìíní.

Báwo ló ṣe rí lára rẹ̀? Kò rí bákan. Inú rẹ̀ kò dùn, kò sì bà jẹ́. Ẹ mọ bí ẹsẹ̀ ṣe máa ń kú nígbà téèyàn bá jókòó lé e pẹ́, tá a ó fọwọ́ gbá a tí kò ní dà bíi pé ẹsẹ̀ ẹni ni? Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni ọkàn ọmọ náà rí.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bọ́rọ̀ ṣe jẹ́. Ilé-ẹ̀kọ́ girama Òkè-Ìmọ́lẹ̀ wà ní ìpẹ̀kun ìlú Ìlọrà. Ní ọdún 1991 tí nǹkan yìí ṣẹlẹ̀, òrùlé gbọ̀ngàn rẹ̀ ti ń jò, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó jẹ́ fojú di ògiri iwájú gbọ̀ngàn náà. Ibẹ̀ ni wọ́n ń kọ orúkọ akẹ́kọ̀ọ́ wọn tó bá gba ipò kìíní nínú eré ọlọ́nà jíjìn láàárín àwọn ilé-ẹ̀kọ́ agbègbè Afijió. Nínú àwọn tórúkọ wọn wà níbẹ̀ látijọ́, ọ̀kan ti di dókítà, ọ̀kan ti di adájọ́, ọ̀kan ti di ọ̀gá sójà. Àwọn ọmọ wá gbà pé ògiri ló sọ wọ́n dèèyàn ńlá. Ẹ gbà mí o! Ìwé ni dókítà kà, kì í ṣe ògiri. Ṣùgbọ́n ta ló máa sọ ìyẹn fún ọmọ ilé-ìwé tó máa gbọ́?

Wọ́n ní àṣà kan níbẹ̀. Kí wọ́n tó kọ orúkọ ọmọ kan, bàbá tàbí ìyá rẹ̀ gbọ́dọ̀ wá síwájú gbogbo ilé-ẹ̀kọ́ níparí ọdún, kó pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀mẹ́ta, kí àwọn ọmọ sì máa dáhùn. Wọ́n ní ẹnu tó sọ ọmọ lórúkọ ló yẹ kó pè é sára ògiri. Bí òbí kò bá tíì pè é, tíṣà iṣẹ́ ọnà kò ní ti búrọ́ọ̀ṣì bọ ọ̀dà.

Ó ti pẹ́ tí ẹnikẹ́ni ti pe orúkọ kankan. Àwọn ọmọ Fìdítì ló ń gba ife-ẹ̀yẹ lọ́dọọdún, wọ́n á tún máa fi orin bú ará Òkè-Ìmọ́lẹ̀ bí mọ́tò wọn bá ti ń gbé wọn lọ sílé. Olúṣèyí tó wà ní kíláàsì karùn-ún ló yára jù nínú ilé-ẹ̀kọ́ náà, ipò kẹta ló sì gbà lọ́dún tó ṣáájú. Gbogbo àárọ̀ ló ń sáré kí agogo tó lù. Ó ti pinnu pé lọ́tẹ̀ yìí, òun yóò lé ọmọ Fìdítì tó gba ipò kìíní bá.

Àfi bí Ọ̀gbẹ́ni Láwàl, tíṣà eré ìdárayá, ṣe pè é sẹ́yìn kíláàsì nígbà tó ku díẹ̀ kí ìdíje bẹ̀rẹ̀.

“Olúṣèyí, o lè sáré, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n ṣé o lè ya ọmọ Fìdítì yẹn sílẹ̀?”

“Mo máa gbìyànjú, sà.”

“Ìgbìyànjú kẹ̀! Ṣé ìgbìyànjú la máa gbé sórí tábìlì pírínsípà? Gbọ́, Sìrájù máa bá wa sá a. Orúkọ tìẹ ló máa fi sá a. Ìwọ ṣáà dákẹ́ sínú ilé ìbùsùn. Orúkọ ta ni wọ́n máa kọ sógiri? Tìẹ náà ni. Kí ló tún kù?”

Sìrájù yìí lè sáré bí ẹṣin. Ó ti kúrò nílé-ẹ̀kọ́ náà tipẹ́, ó ń kọ́ṣẹ́ mẹkáníìkì n’Ìbàdàn. Irùngbọ̀n ti kún un lágbọ̀n, wọ́n ní láti fá a kanlẹ̀ kó tó jọ ọmọ ilé-ìwé. Pírínsípà kò lè dá a mọ̀, nítorí sáà yẹn gan-an ni ìjọba gbé màmá náà wá, kò tíì mojú àwọn ọmọ.

Olúṣèyí fi ọ̀rọ̀ náà lọ Nehemiah, ọ̀rẹ́ rẹ̀ tí bẹ́ẹ̀dì àwọn méjèèjì jọ kángun síra.

“Gbà fún wọn jàre,” ni Nehemiah wí. “Ọ̀nà kan ò wọ ọjà. Ṣé tó o bá sá a tó o fìdí rẹmi, ìyẹn ló máa dáa?”

Ìfìdírẹmi yẹn gan-an ló bà á lẹ́rù. Ó lè kọ̀ o. Ẹnikẹ́ni kò de ọwọ́ rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò nà án. Ó padà lọ bá Ọ̀gbẹ́ni Láwàl, ó ní, “Ó dáa, sà.” Gbogbo rẹ̀ ò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ ìdíje, tí àlejò ti tú ká, àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ gbé Olúṣèyí sí èjìká. Gbogbo wọn mọ ohun tó ṣẹlẹ̀, ẹ̀rín ni wọ́n ń rín. “Asáré-lórí-bẹ́ẹ̀dì!” ni wọ́n ń pè é. Òun náà rẹ́rìn-ín, nítorí pé gbogbo èèyàn ń rẹ́rìn-ín. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, kò jí sáré mọ́.

Nígbà tó lọ sílé ní Ìmíní lópin ọ̀sẹ̀, ó bá bàbá rẹ̀, Díákónì Àbọ̀dé ti ìjọ Onítẹ̀bọmi, nínú oko ọsàn rẹ̀. Àwọn méjèèjì jókòó sídìí igi kan, wọ́n ń bó ọsàn jẹ.

“Mo gbọ́ pé ẹ gba ife-ẹ̀yẹ,” ni bàbá wí.

“Bẹ́ẹ̀ ni, bàbá.”

“Báwo ni eré náà ṣe lọ? Ròyìn ẹ̀ fún mi.”

Olúṣèyí bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ohun tí Nehemiah sọ fún un. Ó ní ọmọ Fìdítì ló kọ́kọ́ ṣíwájú, ó ní nígbà tó ku ìyípo kan lòun yà á sílẹ̀. Ó ń gbọ́ ohùn ara rẹ̀ bí ẹni ń gbọ́ rédíò aládùúgbò.

“Ṣé o rí ẹni tó o mọ̀ láàárín èrò?”

“Rárá, bàbá. Mi ò wojú ẹnikẹ́ni.”

Bàbá wo ọwọ́ ọmọ náà. Lẹ́yìn náà ló ní, “Wo ìka rẹ.” Ọ̀bẹ ti gé Olúṣèyí lọ́wọ́, ẹ̀jẹ̀ ń kán sórí èèpo ọsàn, kò sì mọ̀ ọ́n lára.

Ọdún ilé-ẹ̀kọ́ parí, gbọ̀ngàn kún. Tíṣà iṣẹ́ ọnà ti gun àga, ó gbé ọ̀dà funfun dání. Pírínsípà dìde, ó rẹ́rìn-ín músẹ́.

“Díákónì, ẹ káàbọ̀ o, sà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá wa pe orúkọ ọmọ yín.”

Díákónì Àbọ̀dé bọ́ síwájú, ó ṣí fìlà. Olúṣèyí dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Bàbá la ẹnu, ó tún pa á dé. Ó wá yíjú sí ọmọ rẹ̀, kò pariwo, ṣùgbọ́n àwọn tó wà níwájú ń gbọ́.

“Olúṣèyí, mo wà ní pápá lọ́jọ́ yẹn. Mo gun kẹ̀kẹ́ mi wá láti Ìmíní. Nígbà tí wọ́n pe orúkọ rẹ nínú gbohùngbohùn, mo ń pàtẹ́wọ́, mo ń sọ fún àwọn tó dúró tì mí pé ọmọ mi nìyẹn. Àfìgbà tó sún mọ́ wa, tí mo rí i pé kì í ṣe ọmọ tí mo bí. Mo pa á mọ́ra, mo ní o máa sọ fún mi. Mo bi ọ́ lóko, o ò sọ. Wọ́n wá ní kí n pe orúkọ báyìí. Orúkọ ta ni kí n pè?”

Ìgbà náà ni nǹkan náà tó dun Olúṣèyí. Ó dùn ún wọ egungun. Ó wo Ọ̀gbẹ́ni Láwàl, ìyẹn ń wo ilẹ̀. Ó wo Nehemiah, ìyẹn ń mi orí fún un pé kó má sọ ọ́.

“Ẹ má pè é, bàbá,” ló wí. Ó kọjú sí gbọ̀ngàn, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. “Èmi kọ́ ni mo sáré. Orí bẹ́ẹ̀dì ni mo wà.”

Tíṣà iṣẹ́ ọnà sọ̀ kalẹ̀ lórí àga láìkọ nǹkan kan.

Wọ́n dá ife-ẹ̀yẹ padà fún àwọn ará Fìdítì. Wọ́n ní Òkè-Ìmọ́lẹ̀ kò gbọdọ̀ kópa nínú ìdíje ọdún tó tẹ̀ lé e, wọ́n sì gbé Ọ̀gbẹ́ni Láwàl kúrò. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ bínú sí Olúṣèyí. Nehemiah gbé àwo oúnjẹ rẹ̀ lọ sídìí tábìlì mìíràn. Àwọn kan tilẹ̀ ń sọ pé bàbá burúkú ni, pé kí ló dé tí kò bo ọmọ rẹ̀ láṣìírí. Wọn ò mọ ohun tí wọ́n ń sọ. Bí irọ́ lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Ó sì sàn kó bá a lójú bàbá ẹni ju kó bá a lójú adájọ́ lọ.

Olúṣèyí jáde ilé-ẹ̀kọ́ náà láìtún sáré ìdíje kankan mọ́. Ohun tó ń jẹ ẹ́ lọ́kàn ju gbogbo rẹ̀ lọ ni pé kò mọ bí òun ì bá ti ṣe lọ́jọ́ náà. Ó lè jẹ́ pé òun ì bá lé ọmọ Fìdítì bá lóòótọ́. Kò sẹ́ni tó lè sọ ọ́ fún un.

Lọ́jọ́ kan nínú ìsinmi, ó kúnlẹ̀ níwájú bàbá rẹ̀. Ó ní, “Bàbá, ẹ forí jì mí. Mi ò fẹ́ fìdí rẹmi lójú ayé ni.”

“Dìde,” ni Díákónì wí. “Bó o bá gba ipò ìkẹyìn lọ́jọ́ yẹn, ọmọ mi, mo ti múra láti pariwo orúkọ rẹ títí ohùn mi fi máa há. Ṣé o rò pé ife ni mo gun kẹ̀kẹ́ wá wò? Ìwọ ni mo wá wò, n ò sì rí ọ.”

Ẹ̀yin ọmọ wa, ẹ̀kọ́ rẹ̀ kò fara sin. Ipò ìkẹyìn tí a fi ẹsẹ̀ ara wa gbà ní iyì ju ipò kìíní tí ẹlòmíràn bá wa gbà lọ. Ẹni tó bá fi orúkọ rẹ̀ yá ẹlòmíràn láti wá ògo, ògo náà kò ní dúró tì í, ìtìjú rẹ̀ nìkan ni yóò mọ ọ̀nà ilé rẹ̀. Ẹ fi ẹsẹ̀ yín sá eré yín. Àwọn tó fẹ́ràn yín ń wò yín láàárín èrò.