Ẹ̀bi Ẹni Méjì Kì Í Ṣe Ẹrù Ẹnì Kan

Akunlé kan ń fọ búrọ́ọ̀ṣì rẹ̀ lẹ́yìnkùlé lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú nígbà tí ọ̀gá rẹ̀ wọlé dé. Jẹ́jẹ́ ni wọ́n ń pe akunlé yìí níbi iṣẹ́, torí bí ìgbín ló ṣe ń gun àkàbà. Ọ̀gá rẹ̀, agbaṣẹ́ṣe tí kì í yà sílé òṣìṣẹ́, ń rẹ́rìn-ín músẹ́ lọ́jọ́ náà.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó gbé e wá. Níbi tí Jẹ́jẹ́ ti ń kun ilé alájà mẹ́ta kan, okùn tó so pákó tó dúró lé já. Òun rí fèrèsé dì mú, ṣùgbọ́n pákó já lu obìnrin aránṣọ kan tó ń kọjá lọ ní tirẹ̀, apá ọ̀tún rẹ̀ sì kán. Ilé ẹjọ́ ní kí ọ̀gá àti òṣìṣẹ́ san owó gbà-má-bínú fún obìnrin náà. Ó ku kí adájọ́ sọ èyí tó kan kálukú níbẹ̀.

"Ọmọ mi," ni ọ̀gá wí, "tá a bá dé kóòtù, sọ pé iṣẹ́ àdáṣe tìẹ lo lọ ṣe lọ́jọ́ yẹn, pé mi ò mọ̀ sí i. Ìwọ ṣáà gbà á sọ́rùn. Iṣẹ́ ò ní bọ́ lọ́wọ́ ẹ."

Jẹ́jẹ́ dọ̀bálẹ̀, ó ní òun ti gbọ́.

Àbí ẹ ò rí ìwà ọ̀dájú? Láàárọ̀ ọjọ́ tí pákó já, Jẹ́jẹ́ sọ fún un pé okùn ti ń tú. Ọ̀gá yìí kan náà ló ní kó ta kókó sí i, kó máa báṣẹ́ lọ.

Bí ọ̀gá ti jáde, ìyàwó Jẹ́jẹ́ fárígá. "Bàbá Ìbejì, kí lẹ fẹ́ fi san án? Ṣé búrọ́ọ̀ṣì yìí ni?"

"Òun ló kọ́ mi níṣẹ́. Tí mo bá dojú kọ ọ́ níwájú adájọ́, wọ́n á ní aláìmoore ni mí."

Ìyàwó kò bá a jiyàn. Ó pe ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, tó jẹ́ agbẹjọ́rò. Nígbà tí ìyẹn dé, kò tilẹ̀ gba omi tí wọ́n gbé fún un.

"Ọkọ wa, ta lẹ̀ ń ṣàánú?"

"Ọ̀gá mi ni, mà."

"Aránṣọ tápá rẹ̀ kán ńkọ́? Tẹ́ ẹ bá parọ́ yẹn, adájọ́ lè yọ ọ̀gá yín kúrò nínú sísan owó náà, kó wá ku ẹ̀yin nìkan. Kí lobìnrin yẹn máa rí gbà lọ́wọ́ yín? Ẹ ti ṣẹ́ ẹ lápá, ẹ tún fẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu ẹ̀. Irọ́ níwájú adájọ́ sì lè fà yín dẹ́wọ̀n."

Jẹ́jẹ́ wolẹ̀. "Ṣé kí n wá ti gbogbo ẹ̀ sí ọ̀gá lọ́rùn ni?"

"Rárá o. Ṣé ẹ fi nǹkan dí ọ̀nà táwọn èèyàn ń gbà kọjá nísàlẹ̀?"

"Mi ò dí i, mà."

"Ẹ sọ ìyẹn náà. Adájọ́ ló máa wo bí ẹ̀bi kálukú ṣe tó."

Ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ pé. Inú ń bí Jẹ́jẹ́ sí ọ̀gá rẹ̀, ó sì ń bí i sí ara rẹ̀ pé òun dọ̀bálẹ̀ fún irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀. Aránṣọ jókòó níwájú, apá rẹ̀ kò tíì ṣeé nà. Jẹ́jẹ́ sọ ti okùn, ó sì sọ ti ọ̀nà tí òun kò dí.

Ọ̀gá fò dìde. "Ìwọ yìí, ta ló kọ́ ẹ níṣẹ́?"

"Ẹ̀yin ni, sà," ni Jẹ́jẹ́ dáhùn. "Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi pé èèyàn kì í gun pákó tókùn ẹ̀ bá ti ń tú. Ẹ̀yin náà lẹ ní kí n gùn ún."

Ọ̀gá jókòó. Adájọ́ gbé èyí tó pọ̀ jù nínú owó náà lé e lórí, ó sì fi díẹ̀ kan Jẹ́jẹ́. Ọ̀gá lé Jẹ́jẹ́ kúrò níṣẹ́, ṣùgbọ́n Jẹ́jẹ́ ti ń kunlé níbòmíràn, ó sì ń san tirẹ̀ díẹ̀díẹ̀.

Ẹ̀yin òṣìṣẹ́, ẹ má ṣe torí ìmoore gba ẹ̀bi ẹlẹ́bi. Òfin ibì kan yàtọ̀ sí ti ibòmíràn, nítorí náà ẹ wá agbẹjọ́rò kí ẹ tó ṣèlérí fún ẹnikẹ́ni, ẹ sì sọ òtítọ́, títí kan èyí tó bá yín wí. Ẹ̀yin ọ̀gá, okùn tuntun kò wọ́n tó apá èèyàn.