Ó Fárí Nítorí Ràódàt

Ọkùnrin náà ti tan tọ́ọ̀ṣì bíi mélòó kan, kò sì tíì ra ọ̀kankan. Bó bá ti tan án, á fi ìka bo ojú iná rẹ̀, á wá tẹ̀ ẹ́ mọ́ ọn, á máa wo ọwọ́ ara rẹ̀ bí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fún ní ọwọ́ lọ́jọ́ náà.

Ràódàt fọwọ́ lẹ́rán, ó ń wò ó. Ó ti pẹ́ tó ti ń ta tọ́ọ̀ṣì àti bátìrì ní Ọjà Akẹ̀sán, ṣùgbọ́n kò tíì rí irú oníbàárà yìí rí.

"Bọ̀dá, ṣé rírà ni àbí eré lẹ bá wá?"

"Ẹ má bínú sí mi, àǹtí. Ẹ fi ọwọ́ tiyín náà sí i, kí ẹ wò ó."

"Ọwọ́ mi kì í ṣe ti títà o."

Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín, ó na tọ́ọ̀ṣì náà sí i. Ó fẹ́ẹ̀ jẹ́ pé ẹ̀rín yẹn ni Ràódàt gbà, kì í ṣe tọ́ọ̀ṣì. Ó fa ìborùn rẹ̀ ṣíji bo ọwọ́, ó sì tẹ ìka mọ́ iná náà. Ìka rẹ̀ pọ́n yòò bí ẹyìn. Ó rí ara rẹ̀ tó ń tàn láti inú wá, ẹnu sì yà á.

"Ṣé ẹ rí i?" ni ọkùnrin náà wí jẹ́jẹ́. "Ara wa kò dí tó bá a ṣe rò. Ìmọ́lẹ̀ ń gba inú wa kọjá."

Kò sí ẹni tó sọ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ fún Ràódàt rí. Ó ta tọ́ọ̀ṣì kan fún un, ó gbàgbé láti fi bátìrì sí i, ọkùnrin náà sì gbàgbé láti bèèrè.

Bátìrì yẹn ló tún mú un padà wá. Mùílì lorúkọ rẹ̀, ọmọ Ìkòyí-Ilé, ilé ìwòsàn kan ní Ògbómọ̀ṣọ́ ló ti ń ṣiṣẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn, kò sí ọ̀sẹ̀ tí bátìrì rẹ̀ kì í tán.

"Ṣé ẹ ń fi bátìrì jẹ ẹ̀kọ ni?" ni Ràódàt bi í.

"Bí mi ò bá rí ẹni tó ń tà á, oúnjẹ ò lọ lẹ́nu mi."

Nígbà tó yá, "ẹ" di "o" láàárín wọn, "bọ̀dá" náà sì di "olólùfẹ́ mi". Ìgbà yẹn ni Mùílì wá ṣàlàyé iṣẹ́ rẹ̀ fún un. Dókítà Dámisí, obìnrin tó jẹ́ ọ̀gá rẹ̀, ló gbé ẹ̀rọ kan bọ̀ láti òkè òkun. Ìmọ́lẹ̀ ni ẹ̀rọ náà ń tàn, ṣùgbọ́n kì í ṣe irú èyí tí ojú ń rí.

"Bó o bá kẹ̀yìn sí ààrò lásìkò ọyẹ́," ni Mùílì wí, "ojú rẹ kò rí iná, àmọ́ ẹ̀yìn rẹ mọ̀ pé iná wà níbẹ̀. Mọ̀lẹ́bí ìyẹn ni ìmọ́lẹ̀ tiwa. Ẹ̀yìn àwọ̀ pupa inú òṣùmàrè ló wà, níbi tí ojú èèyàn ò ká a mọ́. A máa ń tàn án sí àwùjẹ̀ àwọn ìkókó tí oṣù wọn kò pé. Á gba inú awọ àti egungun wọlé, ẹ̀jẹ̀ á gbé díẹ̀ mì nínú rẹ̀, á dá ìyókù padà. Èyí tó padà ló ń sọ fún wa bóyá èémí ń dé inú ọpọlọ ọmọ náà."

"Ẹ ò sì gé e lára?"

"A kì í gún un lábẹ́rẹ́ pàápàá, adùn mi."

Ràódàt ń wo irun orí Mùílì tó kún dẹ́dẹ́, tó máa ń fi kóòmù onírin yà, ó sì ń sọ lọ́kàn ara rẹ̀ pé ọkùnrin tó lè fi jẹ́jẹ́ bẹ́ẹ̀ tọ́jú orí ọmọ ọlọ́mọ yóò tọ́jú ọkàn òun náà.

Ọ̀rọ̀ dé ilé. Kúbúrátù, ìyá Ràódàt, fẹ́ràn Mùílì lójú ẹsẹ̀. Ó ní ó mọ ìdọ̀bálẹ̀, ó sì mọ ìrun. Ṣùgbọ́n ní agboolé wọn, Ìyá Àgbà, Àbíkẹ́ tó bí Kúbúrátù, ló ń sọ abẹ gé. Bí Àbíkẹ́ arúgbó kò bá tíì rẹ́rìn-ín sí àlejò, kò sí ẹni tó lè gbé obì fún un.

"O káàbọ̀, ọmọ mi," ni Ìyá Àgbà wí lọ́jọ́ tí Mùílì wá kí wọn. "Iṣẹ́ wo lò ń ṣe?"

Inú Mùílì dùn sí ìbéèrè náà. Ó ṣàlàyé iṣẹ́ rẹ̀ délẹ̀, bó ṣe ṣàlàyé rẹ̀ fún Ràódàt gan-an. Kí ó tó parí rẹ̀, Ìyá Àgbà ti dìde.

"Subuhánalláhi! Orí ọmọ ọlọ́mọ lò ń yọjú wò?"

"Ìyá, ẹ̀jẹ̀ àti èémí nìkan ni…"

"Àwùjẹ̀! Ibi tí Ọlọ́run fi kádàrá sí, tó sì bò ó! Ẹni tó bá lè rí i, ó lè pààrọ̀ rẹ̀. Ràódàt ò ní bímọ sílé irú ẹni bẹ́ẹ̀. Máa lọ, mi ò bá ọ jà."

Ràódàt sìn ín dé ẹnu ọ̀nà, omijé ń bọ́ lójú rẹ̀. "Kí ló dé tó ò sọ pé akọ̀wé ni ẹ́?"

"Mo lè purọ́ fún un lónìí. Lọ́jọ́ tá a bá bímọ ńkọ́, tó rí mi tí mo gbé ọmọ náà? Mi ò fẹ́ kí ó máa fi ẹ̀rù wo ọwọ́ mi."

Ọ̀rọ̀ náà dun Ràódàt, síbẹ̀ ìfẹ́ tó ní sí Mùílì tún lékún.

Lọ́jọ́ Jímọ̀ tó tẹ̀lé e, ó ń di irun fún Ìyá Àgbà. Ó bi í tẹ̀rùtẹ̀rù pé kí ni Mùílì ṣe gan-an.

"Ẹni tí mo bí ṣáájú ìyá rẹ, ọkùnrin ni," ni Ìyá Àgbà wí. "Àlàó là ń kì í. Obìnrin kan tí mi ò mọ̀ rí fọwọ́ kan àwùjẹ̀ rẹ̀ lọ́jà, ó ní ọmọ yìí mà dára o. Ọ̀sẹ̀ yẹn ò tán. Ẹ̀yìn mi ló wà, mo rò pé ó ń sùn ni. Ojú rẹ̀ ò yí padà, ó tutù bẹ́ẹ̀ náà ni. Ìgbà tí mo sọ̀ ọ́ kalẹ̀ ni mo tó mọ̀." Ó nu imú. "Láti ọjọ́ náà mi ò jẹ́ kí àlejò kan orí ọmọ nílé yìí. Orí tìrẹ náà, èmi nìkan ni mo fi òrí pa á."

Ràódàt gbá orí àgbàlagbà náà mọ́ àyà. Àwọn méjèèjì sunkún díẹ̀.

"Ìyá mi, ẹ sọ ohun tó lè ṣe tí ọkàn yín á fi balẹ̀."

"Kó tan án sí àwùjẹ̀ tirẹ̀ níṣojú mi. Ẹni tí oúnjẹ rẹ̀ bá dára, á kọ́kọ́ tọ́ ọ wò."

Nígbà tí Mùílì gbọ́, ó bú sẹ́rìn-ín, ó wá fọwọ́ kan irun orí rẹ̀. "Wàhálà kan wà. Irun dúdú máa ń jẹ ìmọ́lẹ̀ yẹn. Bí irun yìí bá wà níbẹ̀, a ò ní rí nǹkan kan."

"Irun yẹn ni mo kọ́kọ́ rí lára rẹ!"

"Ṣé irun lo fẹ́ fẹ́ ni?"

Ó fá a kanlẹ̀. Ní gbogbo Ògbómọ̀ṣọ́, wọ́n rò pé ó ń ṣọ̀fọ̀, wọ́n ń kí i kú ará fẹ́ra kù.

Lọ́jọ́ tí Ìyá Àgbà àti Ràódàt dé ilé ìwòsàn náà, arúgbó náà wo orí tó ń dán náà sókè sódò, ó fọwọ́ bo ẹnu. "Ọmọ tuntun wo rèé? Ṣé ilé ìsọmọlórúkọ la wá ni?"

Dókítà Dámisí kúnlẹ̀ kí i, ó fún un ní àga. Wọ́n ti ta aṣọ dúdú sójú fèrèsé. Dókítà so ọ̀já kan mọ́ orí Mùílì, ojú kékeré méjì wà lára rẹ̀, ọ̀kan ń fúnni ní ìmọ́lẹ̀, èkejì ń gbà á.

"Iná ọ̀hún dà?"

"Ó ti ń tàn, Ìyá. Ojú wa ni ò ká a."

Ẹ̀rọ náà ní bírò kan tó ń fa ìlà lórí bébà. Ìyá Àgbà tẹ orí sún mọ́ ọn.

"Kí lẹ rí?"

"Ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, àti èémí tí ẹ̀jẹ̀ ń gbé."

"Ìyàwó tó máa fẹ́ ńkọ́?"

Dókítà rẹ́rìn-ín. "Ìyẹn ò hàn níbí o. Ojú rẹ̀ lẹ ó ti rí ìyẹn."

"Ẹ sọ fún un kó má mí," ni Ìyá Àgbà wí, "kí n wo ohun tí ẹ̀rọ yín á ṣe."

Mùílì di èémí mú. Bírò náà kọ́kọ́ ń lọ bó ṣe ń lọ. Nígbà tó ṣe díẹ̀, ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀ kalẹ̀, jẹ́jẹ́, bí ẹni tó ń sọ̀kalẹ̀ lórí òkè. Ìyá Àgbà wo ojú Mùílì. Kò sí àyípadà kankan níbẹ̀. Ó tutù bí ojú ẹni tó ń sùn. Ó tún wo bírò. Ó ṣì ń sọ̀ kalẹ̀.

"Mí!" Igbe Ìyá Àgbà mú kí Ràódàt ta gìrì. "Mí! Ọmọ mi, mí jàre!"

Mùílì mí kanlẹ̀. Bírò dúró, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í gòkè.

Ìyá Àgbà di apá Mùílì mú. "Ojú rẹ̀ ò yí padà. Ojú Àlàó náà ò yí padà." Ó yíjú sí dókítà. "Ká ní ẹ̀rọ yìí wà nígbà náà, ẹ̀ bá ti mọ̀?"

"À bá ti mọ̀ pé èémí ò dé ọpọlọ rẹ̀ tó, Ìyá. Bóyá à bá rí nǹkan ṣe sí i. Mi ò lè purọ́ fún yín pé ó dájú."

Arúgbó náà mi orí. Ó jọ pé òótọ́ yẹn tù ú nínú ju ìlérí lọ. Ó ní kí wọ́n tú ọ̀já náà. Ó wá yọ ìṣà òrí kékeré kan láti inú àpò rẹ̀, ó bu díẹ̀, ó fi pa àwùjẹ̀ Mùílì, yíyí, yíyí, bó ṣe máa ń pa á fún àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀.

"Ẹni tí wọ́n bá fárí fún nílé wa," ló wí, "kì í lọ láìgba orúkọ. Àlàó."

Láti ọdún tí ọmọ yẹn ti lọ, kò tíì pe orúkọ náà mọ́ ẹnikẹ́ni.

Lọ́jọ́ yìgì, irun Mùílì ti hù díẹ̀ lábẹ́ fìlà. Ààfáà bi í bóyá ó fẹ́ Ràódàt. Ayọ̀ mú kí ó di èémí mú bó ṣe dì í mú nílé ìwòsàn. Gbogbo ilé ń wò ó, ojú sì ń ti Ràódàt lábẹ́ ìbòjú rẹ̀.

Ohùn kan ta láti àárín àwọn obìnrin.

"Àlàó, mí o!"

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín láìmọ ìdí rẹ̀. Mùílì mí, ó sì dáhùn.