Apá Òsì Pamílẹ́rìn

Apá òsì ọkùnrin náà kò mì. Ohun tí Inúmidùn kọ́kọ́ rí nìyẹn, kó tó rí ojú rẹ̀, kó tó rí ẹ̀wù búlúù tí òjò ti rin mọ́ ọn lára, kó tó mọ̀ pé arẹwà ni. Ó ń ré títì kọjá ní Boundary, ní Ajégúnlẹ̀, lẹ́yìn òjò àárọ̀. Apá ọ̀tún ń fì síwá fì sẹ́yìn bó ṣe yẹ. Tòsì ká díẹ̀ ní ìgúnpá, ó lẹ̀ mọ́ ìhà, ó dúró síbẹ̀ gbọin. Ẹsẹ̀ òsì náà ń gbé ìṣísẹ̀ kúkurú.

Àyà Inúmidùn já. Kò mọ ọkùnrin yìí rí, ẹ̀rù sì ti ń bà á nítorí rẹ̀.

Ẹ má dá a lẹ́bi. Bí télọ̀ bá rí èèyàn, aṣọ ló ń wò. Bí onígbàjámọ̀ bá rí èèyàn, orí ló ń wò. Ti Inúmidùn, ìrìn ni. Ó ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìwòsàn aládàáni kan ní Àpápá, níbi tí wọ́n tẹ́ kápẹ́ẹ̀tì gígùn kan sí tó ń mọ ibi tí ẹsẹ̀ tẹ̀ àti bó ṣe tẹ̀ ẹ́, tí kámẹ́rà sì ń ṣọ́ ni lọ́tùn-ún lósì. Ẹni tí rọpárọsẹ̀ kọlù, ẹni tí ọkọ̀ gbá, ọmọ tí ẹsẹ̀ rẹ̀ wọ́, gbogbo wọn ń gba orí kápẹ́ẹ̀tì náà kọjá, kọ̀ǹpútà á sì sọ ohun tí ojú lásán kò rí. Ó ti rí apá tí kì í mì rí. Ó mọ ohun tó sábà máa ń tẹ̀ lé e: ìka á bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n, ara á gan, ẹsẹ̀ á máa wọ́ nílẹ̀, títí ẹni tó ń sáré tẹ́lẹ̀ kò fi ní lè yíra padà lórí ibùsùn. Àìsàn gbọ̀nrìrì ni àwọn aláìsàn rẹ̀ ń pè é.

“Sísítà,” ọkùnrin náà ti dé iwájú rẹ̀, ó ń rẹ́rìn-ín, “láti òdìkejì lẹ ti ń wò mí. Ṣé mo jọ ẹni tẹ́ ẹ mọ̀ ni, àbí mo wọ bàtà lódì?”

“Ẹ má bínú. Ìrìn yín ni mò ń wò.”

“Ìrìn mi?” Ó wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀. “Haba! Ìrìn tèmi wá dùn tó bẹ́ẹ̀?”

Ibẹ̀ gan-an ló yẹ kí Inúmidùn ti sọ òótọ́. Dípò rẹ̀, ó ṣàlàyé iṣẹ́ rẹ̀ fún un, ó wá ní, “A ń wá àwọn tí ara wọn le, ká lè fi ìrìn wọn wé ti àwọn aláìsàn.” Wọ́n ń wá irú wọn lóòótọ́. Ṣùgbọ́n irọ́ tó wọ aṣọ òótọ́ ni, irú rẹ̀ ló sì máa ń pẹ́ kí ọwọ́ tó tẹ̀ ẹ́.

“Ẹ wò mí, ẹ rí i pé ara mi le?” Ojú ọkùnrin náà tàn ju bí ọ̀rọ̀ náà ṣe tó lọ.

“Bẹ́ẹ̀ ni.”

“Mo ń bọ̀ lọ́la.”

Pamílẹ́rìn Sàláwù lorúkọ rẹ̀. Ní èbúté Kirikiri Lighter Terminal, òun ló máa ń dúró nísàlẹ̀ kíréènì, tí á máa fọwọ́ júwe fún Akpos tó ń wà á, bí wọ́n bá ń gbé ẹrù jáde nínú báàjì, ọkọ̀ ojú omi pẹrẹsẹ tó ń kó ẹrù. Ọwọ́ ọ̀tún ní kí ẹrù gòkè. Ọwọ́ òsì ní kó dúró. Àwọn alágbàṣe wà nísàlẹ̀ níbẹ̀, irin tó wúwo ju màlúù lọ sì wà lókè orí wọn. Bí ọwọ́ òsì yẹn bá fi gbígbọ̀n ṣe àṣìṣe lẹ́ẹ̀kan péré, òkú ni wọ́n máa gbé.

Ó wá lọ́jọ́ kejì bó ṣe wí, ó rìn lọ, ó rìn bọ̀ lórí kápẹ́ẹ̀tì, ó ń dá àpárá. Nígbà tó ń wọ bàtà lóde, Dókítà Ifeoma, ọ̀gá Inúmidùn, wo àwòrán ìrìn rẹ̀ nínú kọ̀ǹpútà, ó mi orí.

“Apá yìí kò tẹ́ mi lọ́rùn. Ṣùgbọ́n ìrìn nìkan kì í dájọ́. Sọ fún un, kó padà wá kí n yẹ ara rẹ̀ wò.”

Inúmidùn jáde láti lọ sọ ọ́.

“Dókítà mi,” ni Pamílẹ́rìn wí, “ṣé mo pàsì?”

Ó ń wo ẹnu rẹ̀ bí ọmọdé tó ń retí èsì ìdánwò. Inúmidùn la ẹnu, ohun tó sì jáde ni, “Ẹ pàsì.”

Bí ìfẹ́ wọn ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn, lórí gbólóhùn kan tí kò yẹ kó wáyé.

Ìfẹ́ náà dùn, mi ò ní purọ́. Ọjọ́ tí “ẹ” di “o” láàárín wọn, etí omi Marine Beach ni wọ́n wà, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibi tí ìyá Pamílẹ́rìn ti ń ta ẹja yíyan. Monica lorúkọ ìyá náà, ará Sàpẹ̀lẹ̀ ni, ó sì fún Inúmidùn ní ẹja tó tóbi jù nínú àwo.

“Orúkọ wa bára mu,” ni Pamílẹ́rìn wí. “Tó o bá ti pè mí, mo ní láti pa ẹ́ lẹ́rìn-ín. Tí mo bá sì pè ẹ́, inú mi ti dùn nìyẹn.”

“Ẹnu ẹ dùn jù.”

“Ẹnu ẹ! Ẹ gbọ́ o, ó ti pè mí ní ìwọ. Màmá, ẹ jẹ́rìí sí i!”

Inúmidùn rẹ́rìn-ín títí omi fi lé e lójú. Àmọ́ bí wọ́n bá ń rìn, apá ọ̀tún ọkùnrin náà ló máa ń sá lọ, kó má baà rí tòsì. Òru kì í sì í fún un ní oorun. Gbogbo ọjọ́ tí kò sọ̀rọ̀ ń mú kí ọ̀rọ̀ náà le sí i lẹ́nu. Ó tún ṣàkíyèsí pé Pamílẹ́rìn kì í gba ife tó kún lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni, kì í mu tíì níta. Kò bi í léèrè. Ó bẹ̀rù ìdáhùn.

Ìyá Inúmidùn ló fa okùn já. Nígbà tí ọ̀rọ̀ mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í yọjú, ìyá náà, tó ń gbé ní Ìjọra, ránṣẹ́ ṣe ìwádìí ìdílé ọkọ bí àwọn òbí ti máa ń ṣe, láti mọ̀ bóyá wèrè, ẹ̀tẹ̀ tàbí wárápá wà níbẹ̀. Ó pe ọmọ rẹ̀ jókòó.

“Bàbá ọmọkùnrin yẹn gbọ̀n títí ó fi kú. Wọ́n ní ó tẹ nǹkan ní wáàfù. Ìwọ tó ò ń wo ìrìn gbogbo ayé, o ò wo ti ẹni tó fẹ́ fẹ́ ẹ?”

Ara Inúmidùn tutù. Bàbá náà! Pamílẹ́rìn kò sọ ọ́ rí.

“Màmá, kì í sábà ran ọmọ.”

“Kì í sábà. Mo gbọ́ ‘sábà’ yẹn dáadáa. Mi ò ní fi ọmọ mi ṣe ọ̀pá ìtilẹ̀ fún ẹnikẹ́ni.”

Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, ní etí omi kan náà, Inúmidùn sọ gbogbo rẹ̀. Pamílẹ́rìn gbọ́ ọ títí dé òpin láìdá àpárá kankan.

“Ìgbà wo lo ti mọ̀?”

“Ọjọ́ tí mo kọ́kọ́ rí ẹ.”

“O ò rí mi nígbà yẹn. Àìsàn lo rí.” Ó wo ọwọ́ òsì rẹ̀ bí ẹni tó ń wo ohun olóhun. “Ṣó o mọ̀ pé àràárọ̀ ni mo máa ń bu omi kún ife dé etí, tí màá fi ọwọ́ yìí gbé e, tí màá máa wò ó bóyá á dà? Láti ìgbà tí bàbá mi ti kú. Ìwọ wá dúró ní Boundary, o wò mí, o ní ara mi le. Mo sùn dáadáa lálẹ́ ọjọ́ yẹn, Inúmidùn. O jẹ́ kí n sùn!”

Ó dìde, ó lọ. Apá òsì rẹ̀ kò mì. Inúmidùn sunkún títí ojú rẹ̀ fi wú.

Pamílẹ́rìn kò gbé fóònù rẹ̀ mọ́. Lẹ́yìn ọjọ́ bíi mélòó kan, Akpos ló pe Inúmidùn. “Sister, abeg come o. Pamílẹ́rìn no dey come work again. Ó ní ọwọ́ òun máa pààyàn.”

Ẹ̀rù ba Inúmidùn débi pé kò dúró mú báàgì. Nígbà tó dé Marine Beach, ọkọ̀ ojú omi kan ṣẹ̀ṣẹ̀ ń gúnlẹ̀. Ìyá Pamílẹ́rìn wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú apẹ̀rẹ̀ ẹja, pákó tí wọ́n gbé láti inú ọkọ̀ dé ilẹ̀ sì tutù, ó ń yọ̀. Pamílẹ́rìn wà létí omi. Kò rò ó rárá. Ó gun pákó, ó ká apá òsì, ó fi í lẹ̀ mọ́ ìhà, ìyá rẹ̀ ki ọwọ́ bọ̀ ọ́, àwọn méjèèjì sì rọra ń bọ̀ ní ìṣísẹ̀ kúkurú.

Inúmidùn dúró lójú kan. Ìrìn tó rí nínú kọ̀ǹpútà gẹ́lẹ́ nìyí. Ìyàtọ̀ kan ṣoṣo ni pé lọ́tẹ̀ yìí, èèyàn wà nínú apá náà.

“Ta ló máa ń dì ẹ́ lápá mú báyẹn?” ó béèrè, láìkí ẹnikẹ́ni.

Ìyá Pamílẹ́rìn sọ apẹ̀rẹ̀ kalẹ̀. “Na him papa. Látìgbà tó wà ní JSS One, till the man die. The man no gree hold any other person.”

“Bàbá ò fẹ́ kí wọ́n mọ̀ ní wáàfù pé òun ò lè dá rìn mọ́,” ni Pamílẹ́rìn wá sọ wúyẹ́wúyẹ́. “Bàbá ní kí n má ju apá mi, kí n jẹ́ kó dà bí ẹni pé bàbá àti ọmọ kàn ń tàkúrọ̀sọ. Mo kọ́ ọ dáadáa. Ẹnì kankan ò fura.”

Omi bọ́ lójú Inúmidùn. “Mi ò ní tàn ẹ́ mọ́. Ó lè jẹ́ àìsàn. Ó lè jẹ́ bàbá ẹ. Mi ò mọ̀, ẹ̀rù sì ń bà mí. Jẹ́ ká tún un wọ̀n, kó o máa fojú ara ẹ rí ohun tí mò ń rí.”

Pamílẹ́rìn gbà. “Ẹ̀rù ń ba èmi náà,” ó ní.

Ní ilé ìwòsàn, Dókítà Ifeoma yí kọ̀ǹpútà sí ibi tí Pamílẹ́rìn ti lè rí i. Ó ní kó máa rìn, kó sì máa ka oṣù láti December padà sẹ́yìn. Ó ṣàlàyé fún un pé apá tó ń ṣàìsàn máa ń burú sí i bí ọkàn bá kúrò lára ìrìn, àmọ́ èyí tó kàn kọ́ àṣà lè gbàgbé àṣà náà.

Pamílẹ́rìn rìn. November, October, September. Apá náà kò mì. Ó tún un rìn. Kò mì. Òógùn bò ó níwájú orí. Dókítà Ifeoma kò wo ojú ẹnikẹ́ni.

Inúmidùn lọ dúró sí òpin kápẹ́ẹ̀tì.

“Pamílẹ́rìn,” ó ní, “fi bàbá jókòó.”

Ó wò ó. Ó wo ìhà òsì ara rẹ̀. Lẹ́yìn náà ó fa àga oníke kan sí orí kápẹ́ẹ̀tì, ó bẹ̀rẹ̀ díẹ̀ bí ẹni tó ń ran àgbà lọ́wọ́ láti jókòó, ó sì rọra yọ apá rẹ̀.

“Bàbá, ẹ sinmi díẹ̀,” ni ó wí, omijé sì ń dà lójú rẹ̀. “Mò ń bọ̀.”

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Apá náà kọ́kọ́ lẹ̀ mọ́ ìhà. Ní àárín kápẹ́ẹ̀tì, ìgúnpá náà tú. Ọwọ́ bọ́ sílẹ̀, ó fì síwájú, ó fì sẹ́yìn, ó tún fì. Inúmidùn fi ọwọ́ bo ẹnu.

Dókítà Ifeoma yẹ ọrùn ọwọ́ rẹ̀ wò, ó yẹ ìka, ó ní kó kọ̀wé, kó ṣí ọwọ́, kó pa á dé. Ó pẹ́ lórí rẹ̀. “Mi ò rí i lára rẹ lónìí,” ó ní níkẹyìn. “A ó máa yẹ̀ ọ́ wò. Ṣùgbọ́n ti ọ̀la, mi ò ní ẹ̀rọ tó ń wọ̀n ọ́n.”

Wọ́n jáde sí òòrùn Àpápá. Ẹ̀rù kò tíì tán lójú Pamílẹ́rìn.

“Tó bá dé lọ́jọ́ kan ńkọ́? Màmá ẹ ti ní àwọn ò ní fi ẹ́ ṣe ọ̀pá.”

“A jọ ń lọ bá wọn lọ́jọ́ Sátidé. Èmi náà ń bẹ̀rù wọn. Àmọ́ màá sọ fún wọn pé kò sẹ́ni tó fi mí ṣe ọ̀pá, èmi ni mo yan apá tí mo fẹ́ dì mú.”

Ó kúrò lọ́tùn-ún tó ti máa ń sá lọ, ó gba iwájú rẹ̀ kọjá bọ́ sí òsì, ó sì ki ọwọ́ bọ ìgúnpá rẹ̀.

“Ṣé o máa fẹ́ mi báyìí?” ni Pamílẹ́rìn béèrè. “Láìmọ ti ọ̀la?”

“Màá fẹ́ ẹ.”

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í rìn lọ. Apá òsì náà ká, ó lẹ̀ mọ́ ìhà, kò mì mọ́. Ìṣísẹ̀ rẹ̀ kúrú kó lè bá ti Inúmidùn mu.

“Dókítà mi,” ni Pamílẹ́rìn wí, ó ń wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀, “ìrìn mi ti tún bàjẹ́ o.”

“Jẹ́ kó bàjẹ́,” ni Inúmidùn dáhùn, ó sì dì í mú.